ÀDÀLÚ KÌ Í ṢE OÚNJẸ ÌYÀ

  

Lẹ́tà kan dé sórí tábìlì wa lọ́sẹ̀ yìí láti Ìbàfò. Ìyá kan tó ń ránṣọ ló kọ ọ́. Ó ní òun se àdàlú fún ilé òun lálẹ́ ọjọ́ Ajé, ni baálé òun bá ti abọ́ sẹ́yìn, ó ní ṣé ìyà ti wá jẹ àwọn tó bẹ́ẹ̀ ni, tí wọ́n fi ń da àgbàdo mọ́ ẹ̀wà. Àwọn ọmọ jẹ ẹ́ ní tiwọn, ṣùgbọ́n inú ń kùn wọ́n mọ́jú. Ìyá yìí wá ń béèrè bóyá òótọ́ ni pé àdàlú kò dáa fún ara, kí òun yáa jáwọ́ nínú ẹ̀.

Ìyá wa, ẹ má jáwọ́ o. Baálé yín ló ṣi ọ̀rọ̀ sọ.

Mo mọ̀ pé ẹlòmíì ti ń rẹ́rìn-ín báyìí pé kí ni ọmọkùnrin tí kò tíì gbé ìyàwó mọ̀ nípa ìkòkò. Ẹ̀rín yín ò burú. Ṣùgbọ́n iṣẹ́ oníròyìn ni kéèyàn máa béèrè ọ̀rọ̀ lọ́wọ́ ẹni tó mọ̀ ọ́n. Mo lọ sí ọjà Ifọ̀, mo bá àwọn ìyá tó ń ta ẹ̀wà àti àgbàdo sọ̀rọ̀. Mo jókòó ti ìyá olóúnjẹ kan ní Mowé, lẹ́bàá títì márosẹ̀ tó lọ sí Ìbàdàn. Mo sì ka ohun tí àwọn tó kẹ́kọ̀ọ́ nípa oúnjẹ kọ sílẹ̀.

Ohun tó ń mú ọmọ dàgbà, tó ń jẹ́ kí egbò jinná, ni àwọn dókítà ń pè ní purotéènì. Ẹran ní in, ẹja ní in, ẹyin ní in. Ẹ̀wà náà ní in dáadáa: nínú gíráàmù 100 ẹ̀wà gbígbẹ, nǹkan bíi gíráàmù 23 ló jẹ́ purotéènì. Ti àgbàdo gbígbẹ ò ju nǹkan bíi 9 lọ. Ṣùgbọ́n ẹ wá wo ọgbọ́n àwọn ìyá ńlá wa. Ẹ̀yin bíríkìlà, ẹ mọ̀ pé búlọ́ọ̀kù nìkan kì í dá kọ́lé, sìmẹ́ǹtì àti yanrìn gbọ́dọ̀ wà níbẹ̀. Bẹ́ẹ̀ náà ni purotéènì, oríṣiríṣi nǹkan ló para pọ̀ di í. Ọ̀kan wà tí wọ́n ń pè ní lysine, kò tó nǹkan nínú àgbàdo, ó sì pọ̀ nínú ẹ̀wà. Òmíràn ń jẹ́ methionine, ẹ̀wà ni kò ní in tó, àgbàdo sì ní in. Ẹ da méjèèjì sínú ìkòkò kan, ohun tí ọ̀kan ò ní, èkejì gbé e wá. Ilé dúró sán-ún.

Àwa nìkan kọ́ la mọ̀ ọ́n o. Ní Kẹ́ńyà, àwọn Kíkúyù ń se àgbàdo mọ́ ẹ̀wà, githeri ni wọ́n ń pè é. Àwọn ará Gánà ní waakye, ìrẹsì àti ẹ̀wà nìyẹn. Ẹ̀wà tiwa yìí, ilẹ̀ Áfíríkà níbí ló ti ṣẹ̀. Àgbàdo ló ti òkè òkun wá, láti ìhà Mẹ́síkò lọ́hùn-ún, lẹ́yìn tí àwọn Òyìnbó gúnlẹ̀ sí Amẹ́ríkà lọ́dún 1492. Onílé àti àlejò ló pàdé nínú àdàlú, wọn ò sì jà rí.

Ohun mìíràn tó tún dùn mọ́ mi nínú ni pé tèèpo tèèpo là ń jẹ àgbàdo inú àdàlú. Ògì ńkọ́? A ti sẹ́ ẹ, èèpo ti bá èérí lọ. Èèpo yẹn ló ń jẹ́ kí ìgbẹ́ yà geere, òun àti ẹ̀wà ni kì í jẹ́ kí ṣúgà sáré wọnú ẹ̀jẹ̀. Ẹ̀yin ìyá tó ń jókòó nídìí ìsọ̀ láti àárọ̀ dalẹ́, tí dókítà ti ní kẹ́ ẹ ṣọ́ra fún ìtọ̀ ṣúgà, ẹ mọ̀ pé ọ̀rọ̀ yín ni mò ń sọ. Ó sàn fíìfíì ju búrẹ́dì funfun lọ. Ẹ̀yin ará Mowé tilẹ̀ lóríire, nítorí Ọ̀fàdà ò jìnnà sí yín. Ìrẹsì Ọ̀fàdà tí wọn ò bó tán, tó ṣì pọ́n lára, ẹ lè fi rọ́pò àgbàdo. Ti owó ẹ̀ ni kí n má sọ.

Ẹ jẹ́ ká sọ ti owó náà, torí baálé tó ń pè é ní oúnjẹ ìyà. Àjọ NBS tó ń ṣírò iye tí nǹkan ń lọ lọ́jà sọ pé kílò ẹ̀wà pupa kan jẹ́ nǹkan bíi náírà 790 ní oṣù kẹwàá ọdún 2023. Nígbà tó máa fi di oṣù kẹwàá ọdún 2024, ó ti tó nǹkan bíi 2,800. Lóòótọ́, ó wálẹ̀ lọ́dún 2025, ṣùgbọ́n ẹ gbọ́ ná, oúnjẹ ìyà wo ló ń gbówó lórí tó bẹ́ẹ̀? Ìyàwó tó bá da àgbàdo mọ́ ẹ̀wà nírú àkókò yẹn, tí gbogbo ilé fi yó, ọpẹ́ ló yẹ ká dá lọ́wọ́ rẹ̀.

Bí a ṣe ń sè é rèé. Ilé ẹlẹ́ni mẹ́fà, tí wọ́n fẹ́ jẹ ẹ́ pẹ̀lú nǹkan mìíràn, agolo mílíìkì mẹ́rin ẹ̀wà tó wọn, àgbàdo gbígbẹ agolo méjì. Bó bá jẹ́ àsìkò àgbàdo tútù ni, ẹ ya ṣùkù mẹ́rin. Ẹ ṣa ẹ̀wà, ẹ fọ̀ ọ́, ẹ rẹ ẹ́ mọ́jú. Kẹ́ ẹ rẹ àgbàdo gbígbẹ náà lọ́tọ̀. Bílẹ̀ bá mọ́, ẹ da omi yẹn nù! Inú omi yẹn ni ọ̀pọ̀ nínú ohun tó ń kùn nínú ọmọ wà. Ìyá wa ará Ìbàfò, bóyá ibẹ̀ ni nǹkan ti wọ́. Ẹni tí kì í sì í jẹ ẹ̀wà déédéé, ẹ fi díẹ̀ bẹ̀rẹ̀ fún un, ikùn á mọ̀ ọ́n lára.

Àgbàdo gbígbẹ ló ń kọ́kọ́ gorí iná, torí òun ló lágídí. Ẹ jẹ́ kó hó fún nǹkan bíi wákàtí kan, títí eyín yóò fi lè wọ̀ ọ́, kẹ́ ẹ tó da ẹ̀wà lé e. Ti tútù yàtọ̀ sí èyí. Ẹ̀wà ló ń ṣíwájú, bó bá se dé ìdajì, kí àgbàdo wọlé. Ẹ rẹ́ àlùbọ́sà kan sí i, kí omi bò ó mọ́lẹ̀ díẹ̀, ẹ dé e, kí iná má pọ̀. Tómi bá ń gbẹ, omi gbígbóná ni kẹ́ ẹ máa bù sí i, kì í ṣe omi tútù.

Tó bá ti rọ̀, ẹ da ata rodo àti tàtàṣé lílọ̀ sí i, ìrù díẹ̀, edé tàbí ẹja gbígbẹ tẹ́ ẹ ti ya, àti epo pupa síbí ńlá mẹ́rin. Ẹ má yọ́ epo náà kó funfun o, ohun tó pupa nínú ẹ̀ yẹn ló ń ṣe ojú lóore. Ìgbà yìí niyọ̀ tó ń wọ̀ ọ́. Ẹ fi orógùn rò ó pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, ẹ jẹ́ kó fa omi mu fún nǹkan bí ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Ìyá olóúnjẹ Mowé ní òun máa ń rẹ́ ẹ̀fọ́ tẹ̀tẹ̀ wẹ́wẹ́ sí tòun lẹ́yìn náà. Mo tọ́ ọ wò. Ká má parọ́, mo tún bu.

Kán-ún ńkọ́? Mo mọ̀ pé gáàsì wọ́n, èédú wọ́n, kán-ún sì ń jẹ́ kí ẹ̀wà tètè rọ̀. Ṣùgbọ́n ó ń ba fítámì B1 inú ẹ̀wà jẹ́. Ohun tó sì wà nínú iyọ̀ tí dókítà ní kí ẹlẹ́jẹ̀ ríru yàgò fún, ó wà nínú kán-ún pẹ̀lú. Ẹ̀wà tẹ́ ẹ bá rẹ mọ́jú á tètè jinná láìsí i. Ẹ̀wà tó ti pẹ́ nínú àpò ló sábà ń le bí òkúta, torí náà ẹ béèrè èyí tó jẹ́ tuntun.

Wàyí o, ẹ jẹ́ kí n sọ èyí tó kan ẹ̀mí, kẹ́ ẹ sì má bínú sí ọmọ yín, ẹ̀yin ìyá ẹlẹ́wà. Lóṣù kẹfà ọdún 2015, àjọ àwọn orílẹ̀-èdè Yúróòpù tilẹ̀kùn mọ́ ẹ̀wà gbígbẹ láti Nàìjíríà. Kí ló dé? Oògùn kòkòrò tó ń jẹ́ dichlorvos ni wọ́n bá nínú ẹ̀, irú èyí tó wà nínú ọtapiápiá. Òfin wọn ò gbà ju miligíráàmù 0.01 lọ nínú kílò kan. Èyí tí wọ́n bá lára ẹ̀wà wa bẹ̀rẹ̀ láti 0.03, ó sì lọ dé 4.6. Ìyẹn ju ohun tófin gbà lọ ní ìlọ́po 460. Nígbà tó di 2016, wọ́n tún fi ọdún mẹ́ta kún un. Ẹ̀wà tí Òyìnbó kọ̀ yẹn, ta ló jẹ ẹ́? Lọ́dún 2019, NAFDAC ní kí wọ́n má ta ìgò kéékèèké oògùn náà lọ́jà mọ́, láti orí mílílítà 100 wálẹ̀. Síbẹ̀, gbogbo wa la mọ ohun tí ojú ń rí.

Kòkòrò, a lè ṣà á kúrò. Májèlé ò ṣeé ṣà. Ẹ̀wà tó bá ń rùn bí oògùn, ẹ dá a padà fún ẹni tó tà á.

Mi ò ní kí kòkòrò jẹ ọjà yín tán o. Ní ìparí àwọn ọdún 1980, Ọ̀jọ̀gbọ́n Larry Murdock ti Yunifásítì Purdue l'Amẹ́ríkà àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ṣiṣẹ́ ní Kamẹrúùnù lórí àpò onípele mẹ́ta kan. Ọ̀rá méjì ló wà nínú, àpò wà lóde, ẹ ó so ẹnu wọn ní ọ̀kọ̀ọ̀kan pinpin. PICS ni wọ́n ń pe àpò yẹn. Kò sí oògùn kankan nínú ẹ̀. Kòkòrò ń mí bíi tèmi tìrẹ, tí atẹ́gùn inú àpò bá tán, òun náà tán nìyẹn. Ẹni tí ọjà rẹ̀ ò pọ̀, kó wá kẹ́ẹ̀gì tó mọ́, tó gbẹ, tí ìdérí rẹ̀ le. Kó da ẹ̀wà tó gbẹ dáadáa sínú ẹ̀ dẹ́nu, kó dé e pa, kó má sì máa ṣí i wò lójoojúmọ́.

Ní ti baálé ará Ìbàfò, ìmọ̀ràn mi ni pé kẹ́ ẹ bu àdàlú náà sẹ́gbẹ̀ẹ́ dòdò, kẹ́ ẹ gbé ẹja díndín lé e lórí. Tó bá tún ní oúnjẹ ìyà ni, ẹ fún un lówó ọjà kóun náà lọ ra kílò ẹ̀wà kan wá.

Ọ̀gá fokanáísà tó kọ̀wé láti Ifọ̀ nípa àyà tó ń ta á lẹ́yìn oúnjẹ alẹ́, lẹ́tà yín ti dé ọ̀dọ̀ wa, ó di ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀.