Kọfí Ilẹ̀ Okun: Ẹ Wá Oníbàárà Ná, Kẹ́ ẹ Tó Pín Irúgbìn

Bí kọfí bá ti gbówó lórí lọ́jà àgbáyé báyìí, kì í pẹ́ tí ẹnì kan á fi dìde nílẹ̀ Okun, ní ìpínlẹ̀ Kogí, pé ó yá, ẹ jẹ́ ká padà sídìí rẹ̀. Ọ̀rọ̀ náà kúkú lẹ́sẹ̀ nílẹ̀. Lóṣù kẹsàn-án ọdún 2024, tọ́ọ̀nù kan kọfí robusta kọjá 5,000 dọ́là lọ́jà London, robusta yìí náà sì ni àwọn àgbẹ̀ Kàbà, Ìjùmú àti Bùnú mọ̀ ọ́n gbìn láti ayé baba wọn. Ìlérí ló máa ń tẹ̀lé irú ìròyìn bẹ́ẹ̀: ìjọba á pín irúgbìn, olóṣèlú kan á ya fọ́tò níbi tó ti ń gbé ọmọ igi kọfí lé àgbẹ̀ lọ́wọ́, ó parí. Àbá náà kò burú, ibi tí wọ́n ti ń bẹ̀rẹ̀ rẹ̀ ni kò dáa. Àgbẹ̀ ilẹ̀ Okun kò níṣòro gbígbìn. Ẹni tí yóò ra èso náà lọ́wọ́ rẹ̀, ní iye tó ti mọ̀ kó tó gbé agbọ̀n lọ sóko, ni kò rí.

Kò fìgbà gbogbo rí bẹ́ẹ̀. Kòkó wà ní agbègbè náà, ṣùgbọ́n kọfí ní àyè tirẹ̀ láàárín Kàbà àti Ìjùmú, pàápàá ní ìhà Ìyàmoyè. Lọ́dún 1977 ni ìjọba àpapọ̀ dá àwọn bọ́ọ̀dù ọjà oko sílẹ̀ jákèjádò orílẹ̀-èdè, wọ́n sì kó kòkó, kọfí àti tíì sábẹ́ Bọ́ọ̀dù Kòkó. Bọ́ọ̀dù yìí kì í ṣe ẹni mímọ́ o. Iye tó ń san fún àgbẹ̀ kéré sí iye tó ń tà á fún òyìnbó, àpò ìjọba sì ni èlé orí rẹ̀ ń wọ̀. Àwọn ìgbìmọ̀ ọjà tó ṣáájú rẹ̀ láyé ìjọba amúnisìn náà kò sàn jù bẹ́ẹ̀ lọ; Peter Bauer, onímọ̀ ètò ọrọ̀ ajé, ti bu ẹnu àtẹ́ lù wọ́n nínú ìwé rẹ̀ lọ́dún 1954. Àmọ́ ohun kan wà tí àgbẹ̀ rí gbà lọ́wọ́ bọ́ọ̀dù tí kò rí gbà mọ́ láti ìgbà náà. Kí àsìkò tó bẹ̀rẹ̀ ni wọ́n ti ń kéde iye owó. Àwọn alágbàtà tó gba ìwé àṣẹ wà, àwọn ayẹjàwò wà tí wọ́n máa ń kiwọ́ bọ inú àpò ìdọ̀họ láti mọ̀ bóyá ọjà gbẹ, tí wọ́n sì máa ń sọ ipò tó wà. Ẹni tó fẹ́ yáwó san owó iléèwé ọmọ mọ iye tí àpò rẹ̀ yóò jẹ́. Lọ́dún 1986, nígbà tí ètò àtúntò ọrọ̀ ajé tí gbogbo èèyàn mọ̀ sí SAP wọlé, ìjọba tú àwọn bọ́ọ̀dù náà ká. Kò fi ẹnikẹ́ni dípò ayẹjàwò, kò sì fi nǹkan kan dípò ìkéde owó. Ẹni tó bá ti lówó lọ́wọ́, tó sì lè rí ọkọ̀, ti di oníṣòwò kọfí.

Ọdún mẹ́ta péré lẹ́yìn náà ni ìyà ńlá dé. Títí di oṣù keje ọdún 1989, àdéhùn kan wà láàárín àwọn orílẹ̀-èdè tó ń gbin kọfí àti àwọn tó ń mu ún, tó pín iye tí kálukú lè kó wọ ọjà kí owó má baà já. Ní oṣù náà ni ìpín yẹn dópin. Kálukú tú ilé ìkẹ́rù rẹ̀ sílẹ̀, kí ọdún náà sì tó parí, owó kọfí ti já sí bí ìdajì. Vietnam wá bọ́ síta láàárín ọdún 1990 sí 2000, ó gbin robusta débi pé òun ló tẹ̀lé Brazil nínú gbogbo ayé. Nígbà tí yóò fi di ìparí ọdún 2001, tọ́ọ̀nù kan robusta kò tó 500 dọ́là mọ́. Kí ẹ tó yọ owó ọkọ̀, owó àpò àti èrè alágbàtà mẹ́ta kúrò nínú ìyẹn, kí ló kù fún ẹni tó wà nísàlẹ̀ igi?

Ìdí nìyí tí kò fi yẹ kí ẹnikẹ́ni bú àgbẹ̀ tó fi kọfí sílẹ̀ fún igbó, tàbí tó gé e kanlẹ̀ tó sì fi kajú rọ́pò. Kajú kò béèrè púpọ̀. Kò nílò kí a máa gé ẹ̀ka rẹ̀ lọ́dọọdún bíi ti kọfí, tó jẹ́ pé bí a bá gbójú fò ó, á ga kọjá ibi tọ́wọ́ tó. Èso kajú á já bọ́ fúnra rẹ̀, ọmọdé lè ṣà á, láti oṣù kejì sí oṣù karùn-ún sì ni àwọn tó ń rà á máa ń wọ abúlé pẹ̀lú owó lọ́wọ́. Ìpínlẹ̀ Kogí wà lára àwọn ìpínlẹ̀ tó ń mú kajú jáde jù lọ ní Nàìjíríà lónìí. Kóró tútù náà la sì ń kó lọ fún àwọn ará Índíà àti Vietnam pé kí wọ́n bá wa pa. Nígbà tí àrùn Kòrónà ti ọ̀nà ayé pa lọ́dún 2020, gbogbo ìlú ló rí bí owó kajú ṣe já wálẹ̀, tí àwọn oníbàárà sì di àwátì láàárín àsìkò. Ohun tó bá kọfí jẹ́ ń bẹ lára kajú náà. Ojú ọjà tó ṣì dára ni kò jẹ́ kó hàn.

Ẹ jẹ́ ká wo èso kọfí fúnra rẹ̀ dáadáa, nítorí ibẹ̀ ni gbogbo àríyànjiyàn yìí fìdí sí. Láti ìgbà tó bá ti tanná, ó tó oṣù mẹ́wàá kó tó pọ́n. Kì í pọ́n pọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà: lórí ẹ̀ka kan ṣoṣo, ẹ ó rí èyí tó pupa, èyí tó ń ràn bọ̀, àti èyí tó ṣì tutù bí ewé. Ẹni tó fẹ́ kọfí gidi yóò fi ọwọ́ mú àwọn pupa lọ́kọ̀ọ̀kan, yóò sì padà wá fún ìyókù lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ méjì tàbí mẹ́ta. Ẹni tí kò ráyè yóò fi àtẹ́lẹwọ́ ho gbogbo ẹ̀ka náà lẹ́ẹ̀kan, pupa, àìpọ́n àti ewé, sínú agbọ̀n. Lẹ́yìn ìyẹn ni sísá. Bí ẹ bá sá a sórí àpáta tàbí etí títì lẹ́gbẹ̀ẹ́ láfún, òórùn láfún á wọ inú rẹ̀, nítorí kọfí kì í kọ òórùn kankan. Bí ẹ bá sì kó o jọ nípọn jù, tí ẹ kò máa yí i, á bu. Nǹkan bíi kílò márùn-ún èso tútù ló máa ń di kílò kan kóró mímọ́. Iṣẹ́ púpọ̀ nìyẹn fún kílò kan. Wàyí o, bí ẹni tó wá rà á bá fẹ́ san iye kan náà fún ti ẹni tó ṣà á lọ́kọ̀ọ̀kan àti ti ẹni tó ho ó, òmùgọ̀ wo ni yóò padà sídìí igi kan lẹ́ẹ̀mẹta? Àwọn tó ń sọ pé kọfí wa kò dáa tó ti àwọn ibòmíì ń di ẹ̀bi rẹ̀ ru àgbẹ̀. Ọjà ló kọ́ àgbẹ̀ bẹ́ẹ̀.

Uganda ni ẹni tó yẹ ká fi wo ara wa, nítorí robusta ni èyí tó pọ̀ jù nínú ọjà tiwọn náà, àwọn àgbẹ̀ kéékèèké ló sì ń gbìn ín. Lọ́dún 1991, ọdún kan náà tí wọ́n dá ìpínlẹ̀ Kogí sílẹ̀, Uganda gba agbára àdánìkanṣòwò kọfí lọ́wọ́ bọ́ọ̀dù tiwọn, gẹ́gẹ́ bíi tiwa. Ìyàtọ̀ ibẹ̀ ni pé wọn kò fi ojú ọjà sílẹ̀ lófìfo. Wọ́n dá àjọ kan sílẹ̀ tí kì í ra kọfí, tí kì í tà á, ṣùgbọ́n tó ń yẹ̀ ẹ́ wò, tó ń fún àwọn tó ń kó o jáde níwèé àṣẹ, tó sì ń kéde iye tó yẹ kí àgbẹ̀ gbà lórí kílò kan, ti gbígbẹ eléèpo àti ti bíbó. Ní àsìkò ọdún 2023 sí 2024, wọ́n kó àpò tó lé ní mílíọ̀nù mẹ́fà jáde, 60 kílò nínú àpò kan, owó rẹ̀ sì ju bílíọ̀nù kan dọ́là lọ. Nígbà tí ìjọba wọn ń kó àjọ náà padà sábẹ́ iléeṣẹ́ ètò ọ̀gbìn níparí ọdún 2024, àwọn aṣòfin gbá ara wọn mú nílé ìgbìmọ̀. Ẹ má bínú, ṣùgbọ́n ta ni yóò ja irú ìjà bẹ́ẹ̀ nítorí kọfí ní Lọ́kọ́jà, olú-ìlú ìpínlẹ̀ wa?

Ohun mìíràn tún wà tí àwọn tó ń kígbe irúgbìn kì í sọ. Ọ̀dá tó dá ní Vietnam wà lára ohun tó gbé owó robusta sókè. Bákan náà, àwọn àgbẹ̀ ibẹ̀ kan ti fa kọfí tu, wọ́n fi èso durian tí àwọn ará Ṣáínà ń rà lówó gọbọi rọ́pò rẹ̀. Ohun tí àwọn tiwa ṣe pẹ̀lú kajú gẹ́lẹ́ nìyẹn. Igi kọfí tí wọ́n bá gbìn ní Bùnú lónìí kò ní so dáadáa kó tó pé ọdún mẹ́ta sí mẹ́rin, iye tí robusta yóò sì jẹ́ nígbà náà, Ọlọ́run ló mọ̀ ọ́n. Ẹni tí ejò ti bù jẹ rí, bó bá rí ekòló á sá. Àgbẹ̀ ọlọ́jọ́ orí tó rí ọdún 1989 kò ní tìtorí ọmọ igi ọ̀fẹ́ fi ilẹ̀ kajú rẹ̀ tàfàlà.

Kí wá ni ṣíṣe? Kò sí ẹni tó ní kí bọ́ọ̀dù padà. Ẹni tó bá rántí rẹ̀ dáadáa kò ní gbàdúrà bẹ́ẹ̀. Ibi kan ṣoṣo ni kí wọ́n ti bẹ̀rẹ̀, ní Ìyàmoyè tàbí ní Kàbà: òṣùwọ̀n tí ẹnikẹ́ni kò yí sí apá kan, ẹ̀rọ tí ń bó èèpo kọfí, ilẹ̀ sìmẹ́ńtì tó mọ́ tí wọn kò ní sá láfún sí, àti pátákó kan tí wọ́n ń kọ iye owó sí, pupa lọ́tọ̀, àdàlù lọ́tọ̀. Kó jẹ́ pé ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù àwọn àgbẹ̀ ló ni ín, kí ìjọba máa yẹ òṣùwọ̀n wò. Àwọn tó ń yan kọfí ní Èkó àti Àbújá wà, wọ́n sì ń wá kọfí tí wọ́n lè sọ ibi tó ti wá fún àwọn oníbàárà wọn. Kí ìjọba ìpínlẹ̀ jókòó tì wọ́n, kí wọ́n fọwọ́ sí ìwé pé àwọn yóò ra iye báyìí, ní owó báyìí, fún ọdún mélòó kan. Ilé-ẹ̀kọ́ ọ̀gbìn kan ti wà nínú ìlú Kàbà tipẹ́. Kò yẹ kí ẹnikẹ́ni lọ sí ìlú òkèèrè lọ wá ẹni tí yóò kọ́ àgbẹ̀ ní bí wọ́n ṣe ń gé ẹ̀ka kọfí.

Àwọn kan á ní ọ̀nà ló ń dá wa dúró. Òótọ́ díẹ̀ wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n ọ̀nà oníkọnkéré tó jẹ́ kìlómítà 43 láti Ọ̀bàjànà, níbi tí iléeṣẹ́ sìmẹ́ńtì wà, sí Kàbà ti wà nílẹ̀, ọkọ̀ tó bá sì lè gba ibẹ̀ pẹ̀lú sìmẹ́ńtì lè gba ibẹ̀ pẹ̀lú kọfí. Èyí tó le jù ni ti àwọn ajínigbé. Oko kọfí a máa jìnnà sílé, ìkórè rẹ̀ sì gba kí èèyàn máa lọ lálọpadà fún oṣù méjì tàbí mẹ́ta. Bí ẹ̀rù bá ń ba àgbẹ̀ láti sùn sí abà, á ho ẹ̀ka náà lẹ́ẹ̀kan ni, á sáré wọlé. Ètò ààbò oko wà lára ohun tó ń sọ kọfí di gidi, kì í ṣe ọ̀rọ̀ ọ̀tọ̀. Bẹ́ẹ̀ náà ni òfin tí àwọn ará Yúróòpù ṣe, tí wọ́n kàn ń sún ọjọ́ rẹ̀ síwájú, pé kọfí tó bá fẹ́ wọ ọ̀dọ̀ wọn gbọ́dọ̀ ní ẹ̀rí oko tó ti jáde, kó sì dájú pé wọn kò pa igbó run tuntun nítorí rẹ̀. Ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù tó ní ìwé àkọsílẹ̀ lè ṣe ìyẹn. Alágbàtà tó gun alùpùpù wá kò lè ṣe é.

Lọ́wọ́ tí a wà yìí, àwọn mọ́là onítíì ní Kàbà ń já sáṣẹ́ẹ̀tì kọfí tí wọ́n gbé wọ̀lú láti òkèèrè sínú omi gbígbóná láràárọ̀. Robusta wà lára ohun tí wọ́n ń fi ṣe irú kọfí bẹ́ẹ̀. Nítorí náà, ẹni yòówù tó bá tún fẹ́ gbé ọ̀rọ̀ kọfí wá síwájú àgbẹ̀ Ìjùmú, ìbáà jẹ́ gómìnà, aṣòfin tàbí ọmọ Okun tó ń bọ̀ láti ìlú òyìnbó, kó kọ́kọ́ sọ orúkọ ẹni tí yóò rà á àti iye tí yóò san. Bí kò bá tíì mọ méjèèjì, kó jẹ́ kí àgbẹ̀ máa bá kajú rẹ̀ lọ.