Òròmọdìẹ Ni Kí Ẹ Máa Wò, Kì Í Ṣe Iná Nìkan

 

Láti Mọ́níyà títí dé Akàǹràn, láti Ìyànà-Ọ̀fà títí dé Ẹgbẹ́dá, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ má sí àdúgbò kan tí ẹnì kan kò ti ń sin adìẹ díẹ̀ mọ́ iṣẹ́ rẹ̀. Tísà ń sìn ín, télọ̀ ń sìn ín, opó tí ń ta gààrí náà ń sìn ín kí ó lè rí owó ilé ìwé àwọn ọmọ san. Iṣẹ́ tí ó dára ni. Ṣùgbọ́n owó púpọ̀ ni ó ń ṣègbé láàárín ọ̀sẹ̀ kìn-ín-ní, kí àwọn òròmọdìẹ náà tó jẹ àpò oúnjẹ kan tán. Nígbà púpọ̀, a ó ní àrùn ni, tàbí pé ọwọ́ ayé ni. Bẹ́ẹ̀ sì rèé, òtútù ni ó pa wọ́n, tàbí ooru tí ó pọ̀ jù.

Ẹ jẹ́ kí n fi ara mi ṣe àpẹẹrẹ, nítorí owó ẹ̀kọ́ tí mo san kò kéré. Nígbà tí mo ń ṣe olùṣọ́ ìjọ kékeré kan ní abúlé kan ní ìhà Lágelú, èmi àti ìyàwó mi ra 100 òròmọdìẹ ọlọ́jọ́ kan. Ìgbà ọyẹ́ ni. A gbé fìtílà kan sí àárín yàrá, a da àwọn ọmọ adìẹ sílẹ̀, a sì lọ sùn. Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kẹta, a bá wọn ní igun yàrá, wọ́n gun ara wọn lórí bí òkìtì. Àwọn tí ó wà lókè yè. Àwọn tí ó wà nísàlẹ̀ ti kú. 42 ni a kà.

Mo rò pé mo ti kọ́gbọ́n. Nígbà tí a tún ra 100 mìíràn, mo fi tápólì bo fèrèsé, mo fi ọ̀rá dí abẹ́ ilẹ̀kùn, mo sì gbé ìkòkò èédú méjì tí ó ń jó dáadáa sínú yàrá. Ní òru ọjọ́ kejì, ìyàwó mi wọlé láti bu omi fún wọn. Kò pẹ́ tí ó fi jáde, ó ní orí ń fọ́ òun, òòyì sì ń kọ́ òun. Nígbà tí a fi máa ṣí gbogbo ibẹ̀ sílẹ̀, èyí tí ó pọ̀ jù nínú àwọn ọmọ adìẹ náà ti kú lẹ́bàá ògiri, wọ́n la ẹnu, wọ́n na apá. Òtútù ni ó pa ti àkọ́kọ́. Ti ẹ̀ẹ̀kejì, èmi ni mo fi ọwọ́ ara mi pa wọ́n, ó sì kù díẹ̀ kí n fi ìyàwó mi kún un.

Ìyá àgbà kan nínú ìjọ wá bá wa kẹ́dùn. Ó wo yàrá náà yíká, ó ní, "Pásítọ̀, ẹ má bínú o. Nígbà tí iná yín gbóná jù, níbo ni ẹ fẹ́ kí wọ́n sá sí?"

Mo ní, "Ìyá, n kò ronú kan ìyẹn."

Ó ní, "Ṣé ẹ kì í wo àgbébọ̀ ni? Bí òtútù bá ń mú ọmọ rẹ̀, á wọ abẹ́ ìyẹ́. Bí ooru bá mú un, á yọ orí síta. Ìlẹ̀kùn ibẹ̀ kì í tì."

Ọ̀rọ̀ ìyá yìí ni mo fẹ́ fi lé yín lọ́wọ́ lónìí. Ẹ pèsè ibi tí ó gbóná, ẹ pèsè ibi tí ó tutù díẹ̀ sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, kí ẹ sì jẹ́ kí òròmọdìẹ fúnra rẹ̀ yan èyí tí ó bá a lára mu. Lẹ́yìn náà, ẹ máa wo ibi tí ó yàn.

ÌDÍ TÍ WỌ́N FI NÍLÒ IRÚ IBI BẸ́Ẹ̀

Ọjọ́ 21 ni ẹyin adìẹ máa ń lò kí ó tó pa, ooru tí a sì fi ń pa á nínú ẹ̀rọ tó 37.5°C. Inú ooru yìí ni ọmọ adìẹ ti bọ́ sí ayé. Ara àgbà adìẹ a máa gbóná tó nǹkan bí 41°C. Òun fúnra rẹ̀ ni ó ń dá ooru náà, ìyẹ́ rẹ̀ ni kì í sì jẹ́ kí ó sá lọ. Ṣùgbọ́n òròmọdìẹ kò tíì ní ìyẹ́ gidi, irun múlọ́múlọ́ lásán ni ó bò ó. Fún nǹkan bí ọ̀sẹ̀ méjì sí mẹ́ta, kò lè ṣàkóso ooru ara rẹ̀ dáadáa.

Ẹ wo aláǹgbá ara ògiri ilé yín. Ní òwúrọ̀, ẹ ó rí i tí ó nà sórí bíríkì, tí ó ń yá oòrùn, nítorí ara rẹ̀ kò lè yá títí tí yóò fi móoru. Bí ó bá di ọ̀sán gangan, ẹ ó wá a tì, ó ti wọ abẹ́ òjìji. Ẹ̀dá tí kì í dá ooru fún ara rẹ̀ ni, ẹsẹ̀ ni ó fi ń wá a. Àwọn tí ń sin irú ẹ̀dá bẹ́ẹ̀ nínú àpótí gíláàsì ní ilẹ̀ òtútù bíi Lọ́ńdọ̀nù mọ àṣírí yìí. Wọn kì í gbé iná sí àárín àpótí. Ẹ̀gbẹ́ kan ni wọ́n ń gbé gílóòbù sí. Fún aláǹgbá aṣálẹ̀ kan tí wọ́n ń pè ní bearded dragon, ibi tí ó ti ń yá iná a máa gbóná tó nǹkan bí 40°C, ẹ̀gbẹ́ kejì a sì wà ní nǹkan bí 25°C. Ẹranko náà ni yóò máa lọ, tí yóò máa bọ̀ láàárín méjèèjì.

Bẹ́ẹ̀ gẹ́gẹ́ ni òròmọdìẹ rí ní ọ̀sẹ̀ méjì àkọ́kọ́. Ìyàtọ̀ tí ó wà níbẹ̀ ni pé aláǹgbá yóò máa wá oòrùn títí ọjọ́ ayé rẹ̀, ṣùgbọ́n ìyẹ́ yóò hù lára òròmọdìẹ, a ó sì gbé iná kúrò.

ÌWỌ̀N OORU LÁTI Ọ̀SẸ̀ DÉ Ọ̀SẸ̀

Ní ọ̀sẹ̀ kìn-ín-ní, kí ibi tí ó gbóná wà láàárín 32°C sí 35°C. Ní ọ̀sẹ̀ kejì, 29°C sí 32°C. Ní ọ̀sẹ̀ kẹta, 26°C sí 29°C. Ní ọ̀sẹ̀ kẹrin, 23°C sí 26°C, lẹ́yìn èyí ìyẹ́ yóò ti bo ara wọn, ọ̀pọ̀ kò sì ní nílò iná mọ́. Bí ẹ bá ní tẹ̀mómítà, ẹ so ó kọ́ ní ibi tí ẹ̀yìn òròmọdìẹ ga dé, kì í ṣe ibi tí ojú yín ga dé lára ògiri. Ooru a máa gòkè, òtútù ni ó máa ń dúró sílẹ̀. Ohun tí ẹ kà lókè kì í ṣe ohun tí ọmọ adìẹ ń jẹ nísàlẹ̀.

OHUN TÍ WỌ́N Ń SỌ FÚN YÍN

Bí ẹ kò bá ní tẹ̀mómítà, ẹ má ṣe bẹ̀rù. Àwọn ọmọ adìẹ náà yóò sọ fún yín.

1. Bí wọ́n bá kó ara wọn jọ sábẹ́ iná, tí wọ́n ń ké kíkankíkan, òtútù ń mú wọn. Ẹ fi kún iná.

2. Bí wọ́n bá sá jìnnà sí iná, tí wọ́n la ẹnu, tí wọ́n ń mí hẹlẹhẹlẹ, tí wọ́n na apá sílẹ̀, ooru ti pọ̀ jù. Ẹ dín iná kù, tàbí kí ẹ gbé e sókè.

3. Bí gbogbo wọn bá lọ sí ẹ̀gbẹ́ kan ṣoṣo, ẹ wo òdìkejì. Atẹ́gùn kan ń fẹ́ wọlé níbẹ̀. Ẹ dí ojú ihò náà.

4. Bí wọ́n bá fọ́n káàkiri, tí àwọn kan ń jẹun, tí àwọn kan ń sùn, tí ohùn wọn sì rọ̀, ooru náà tó. Ẹ lè lọ sinmi díẹ̀.

Ẹ tún lè mú ọ̀kan, kí ẹ fi àtẹ́lẹsẹ̀ rẹ̀ kan ẹ̀rẹ̀kẹ́ yín. Bí ó bá tutù, ilẹ̀ ni kò tíì móoru. Èyí tí òtútù bá mú kì í jẹun dáadáa, ìgbẹ́ a máa lẹ̀ mọ́ ọn nídìí, bí kò tilẹ̀ sì kú, àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ yóò dàgbà jù ú lọ.

BÍ A ṢE Ń TO IBI TÍ WỌN YÓÒ GBÉ

Ẹ má ṣe da òròmọdìẹ sí igun mẹ́rin yàrá. Igun ni wọ́n máa ń gun ara wọn pa sí. Ẹ fi páálí tàbí pákó pẹlẹbẹ ṣe ọgbà róbótó tí ó ga tó ẹsẹ̀ bàtà kan ààbọ̀. Fún 100, ẹsẹ̀ bàtà 5 sí 6 ní ìbú tó láti bẹ̀rẹ̀, kí ẹ sì máa fẹ̀ ẹ́ bí wọ́n bá ti ń dàgbà. Ẹ tẹ́ ohun tí káfíńtà ń fá dànù lára pákó sí ilẹ̀, kí ó gbẹ, kí ó sì nípọn tó ìka mẹ́ta. Ẹ gbé iná sí apá kan ọgbà náà, kí apá kejì lè tutù díẹ̀. Ẹ gbé omi àti oúnjẹ sí àárín, kí ó má ṣe wà lábẹ́ iná gan-an.

Ẹ dá iná náà sílẹ̀ kí wọ́n tó dé, ó kéré tán wákàtí 12. Ní ìgbà ọyẹ́, ọjọ́ kan gbáko ni ó dára. Òròmọdìẹ tí ó wà nínú páálí nínú ọkọ̀ lè fara da ebi fún ọjọ́ méjì, nítorí pé pupa ẹyin tí ó fà sínú kí ó tó jáde ṣì ń bọ́ ọ. Ṣùgbọ́n kò lè fara da òtútù bẹ́ẹ̀.

Gílóòbù dára, ṣùgbọ́n gbogbo wa mọ iná ìjọba. Ẹni tí ó bá gbẹ́kẹ̀ lé e gbọ́dọ̀ ní fìtílà tàbí ìkòkò èédú ní ìkáwọ́ fún òru. Ẹ fi wáyà yí ìkòkò náà ká kí ọmọ adìẹ má ṣe bọ́ sínú rẹ̀, kí ẹ sì gbé e jìnnà sí páálí àti ọ̀rá kí ilé má ba à gbiná.

Ẹ ṢỌ́RA FÚN ÈÉDÚ

Èyí ni ó ṣe pàtàkì jù lọ, nítorí ẹ̀mí ènìyàn wà nínú rẹ̀. Èédú tí ó ń jó nínú yàrá tí a tì pa a máa tú afẹ́fẹ́ olóró kan jáde tí a ń pè ní carbon monoxide. Kò ní àwọ̀, kò sì ní òórùn. A máa gba ipò afẹ́fẹ́ rere nínú ẹ̀jẹ̀. Orí á fọ́ ẹni, òòyì á kọ́ni, oorun á kunni, ènìyàn lè má jí mọ́. Nítorí náà, ẹ bo ìsàlẹ̀ fèrèsé, ṣùgbọ́n ẹ fi òkè rẹ̀ sílẹ̀ kí èéfín lè jáde. Ẹ dá èédú náà níta títí yóò fi pọ́n kí ẹ tó gbé e wọlé, ṣùgbọ́n ẹ má ṣe rò pé èyí nìkan tó, nítorí èyí tí ó ti pọ́n tí kò rú èéfín mọ́ ṣì ní oró náà. Mo sì bẹ̀ yín, kí ẹnikẹ́ni má ṣe sùn nínú yàrá kan náà pẹ̀lú òròmọdìẹ àti ìkòkò èédú, pàápàá àwọn ọmọdé.

Ẹ máa wo ojú ọjọ́ pẹ̀lú. Iná tí ó tó ní òru ọyẹ́ lè pa wọ́n ní ọ̀sán oṣù kẹta, nígbà tí ojú ọjọ́ Ìbàdàn fúnra rẹ̀ lè ju 33°C lọ. Ẹ gbé iná kúrò ní ọ̀sán bẹ́ẹ̀, kí ẹ dá a padà ní ìrọ̀lẹ́. Ní ọ̀sẹ̀ kìn-ín-ní, kí ẹnì kan jí ní nǹkan bí aago méjì òru, kí ó lọ wò wọ́n. Ẹ kọ́ àwọn ọmọ yín ní àmì mẹ́rin tí mo kà sílẹ̀ yẹn. Ojú ọmọdé a máa tètè rí i, bí a bá ti fi hàn án.

Ohun tí a bá fẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́. Ní ẹ̀ẹ̀kẹta tí èmi àti ìyàwó mi ra 100, ìyá àgbà yẹn ni ó jókòó tì wá ní òru àkọ́kọ́. Ní nǹkan bí aago méjì, ó tẹ́ etí, ó ní, "Pásítọ̀, ẹ gbọ́, wọn kò ké mọ́." Mo dìde pẹ̀lú ìjayà. Mo bá wọn tí wọ́n fọ́n káàkiri ọgbà, tí àwọn kan ń sùn, tí àwọn kan ń ṣa oúnjẹ. 96 nínú wọn ni a sìn dàgbà.