Ẹ̀fẹ̀ Kì í Ṣe Ọ̀rọ̀ Yẹpẹrẹ: Ẹ̀kọ́ tí Bàbá Sàlá Kọ́ Wa

Ọ̀rọ̀ kan wà lọ́kàn wa tí a fẹ́ kí a jọ gbé yẹ̀ wò.

Nígbà tí àkókò tó láti mú àkòrí fún ìwé àṣekágbá, ọ̀kan nínú wa ní èdè àwọn aláwàdà ni òun fẹ́ ṣiṣẹ́ lé lórí. Ẹ̀rín ni a fi dá a lóhùn. A ní kí ó lọ wá iṣẹ́ gidi ṣe. Nígbà tí a délé tí a tún ọ̀rọ̀ náà rò, ojú tì wá. Àṣìṣe ni a ṣe, a sì fẹ́ sọ ìdí rẹ̀.

Bí a bá ń sọ̀rọ̀ aláwàdà Yorùbá, ta ni à bá kọ́kọ́ dárúkọ bí kò ṣe Bàbá Sàlá? Moses Ọláìyá Adéjùmọ̀ ni orúkọ rẹ̀, ọmọ Ìjẹ̀ṣà ni, ọdún 1936 ni wọ́n bí i. Orin ni ó kọ́kọ́ ń ṣe. Kódà Sunny Adé ta gìtá nínú ẹgbẹ́ rẹ̀ kí òun náà tó dá tirẹ̀ sílẹ̀. Nígbà tó yá, ó fi orin sílẹ̀ fún eré orí ìtàgé, tẹlifíṣọ̀n Ìbàdàn, tí wọ́n ṣí ní 1959, sì gbé e dé ilé onílé. Nínú eré àwọn ẹlòmíràn, ẹ̀fẹ̀ dà bí ẹran inú ọbẹ̀. Ní ti Bàbá Sàlá, ẹ̀fẹ̀ ni oúnjẹ náà gan-an. Ahun àgbàlagbà ni ó máa ń ṣe, ẹni tó so táì aláfẹnifẹ́rẹ́ ràgàjì mọ́rùn, tó wọ awò ojú gbàǹgbà, tó rò pé òun gbọ́n ju gbogbo ayé lọ, títí ọgbọ́n rẹ̀ yóò fi mú òun fúnra rẹ̀.

Àwọn kan yóò ní, “Kí ni ó kọ sílẹ̀ tí a ó kà?” Ìbéèrè yẹn ni ó yẹ kí a dáhùn. Nínú ẹgbẹ́ alárìnjó ìgbà náà, ọ̀gá ni ó ń hun ìtàn. Yóò sọ fún àwọn òṣèré ẹni tí yóò kọ́kọ́ jáde, ohun tí yóò ṣẹlẹ̀ àti ibi tí ọ̀rọ̀ yóò já sí. Ẹnu òṣèré ni ọ̀rọ̀ yóò ti wá. Ṣé nítorí pé kò sí bírò níbẹ̀ ni a ó ṣe ní kò sí òǹkọ̀wé? Àwa tí a kọ́ wa lọ́jọ́ kìíní pé ọ̀rọ̀ ẹnu ṣáájú ìwé, a kò gbọdọ̀ jẹ́ ẹni tí yóò sọ bẹ́ẹ̀.

Ẹ wo orúkọ lásán tí ó fún iṣẹ́ rẹ̀. Ẹgbẹ́ rẹ̀ ń jẹ́ Aláwàdà: “oní” pàdé “àwàdà,” n di l, fáwẹ̀lì iwájú sì di a. Fíìmù rẹ̀ ti 1982 ń jẹ́ Ọ̀run Móoru: “mú” pàdé “ooru,” fáwẹ̀lì “mú” pa jẹ, ṣùgbọ́n ohùn òkè rẹ̀ kò bá a lọ, ó jókòó sórí o tó kù. Ó tún ṣe Móṣebọ́látán lẹ́yìn ìyẹn. Ẹ tú u wò: “mo ṣebí ọlá tán.” Fáwẹ̀lì “bí” lọ, ohùn òkè dúró sórí ọ. Òfin kan náà ni! Ohun tí à ń fi odidi ọ̀sẹ̀ kan kọ́ ní kíláàsì, ara ọjà ń pè é lórí pátákó sinimá láìkọsẹ̀.

Ṣùgbọ́n kí ni ó rí gbà? Àwọn olè da Ọ̀run Móoru kọ sórí kásẹ́ẹ̀tì fídíò, wọ́n ń tà á káàkiri, gbèsè sì gun Bàbá Sàlá lórí. Ó dùn wá láti sọ ọ́: àwọn olè ti mọ iye tí ẹ̀fẹ̀ rẹ̀ tó kí àwa tí à ń pe ara wa ní ọ̀mọ̀wé èdè tó mọ̀ ọ́n. Ó kú ní oṣù kẹwàá ọdún 2018. Àwọn tó bá a ṣeré sì ń darúgbó.

Ẹ má sọ pé ọ̀rọ̀ Nàìjíríà nìyẹn. Ní Kétu tiwa ńkọ́? Ṣé kì í ṣe Ẹ̀fẹ̀ ni à ń pe òru tó ṣáájú ijó Gẹ̀lẹ̀dẹ́, nígbà tí abọ̀jú yóò fi orin bú ọ̀bàyéjẹ́ tí ìlú yóò sì máa rẹ́rìn-ín? UNESCO kéde Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ní 2001 pé àjogúnbá gbogbo ọmọ aráyé ni. Bí ayé bá ka ẹ̀fẹ̀ wa sí, kí ló dé tí ọmọ onílé fi ń fojú tín-ínrín rẹ̀?

Òótọ́ ni pé aláwàdà máa ń sọ àsọdùn. Kò sí ẹni tó ń sọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ nílé. Ṣùgbọ́n ohun tí ó bù mọ́ ọn ni ohun tí etí àwọn èèyàn ti gbọ́ tẹ́lẹ̀. Bí aláwàdà bá sín èdè ará Ṣábẹ̀ẹ́ jẹ ní Àjàṣẹ́, tí gbogbo èèyàn sì bú sẹ́rìn-ín, ó ti fi ìyàtọ̀ ẹ̀ka èdè hàn wá. Tiwa ni láti fi í wé ọ̀rọ̀ ojoojúmọ́, kí a lè mọ èyí tó jẹ́ òótọ́ àti èyí tó jẹ́ àbùlà.

Nítorí náà, ìmọ̀ràn wa rèé. Bí a bá lọ sílé nínú ìsinmi yìí, kí olúkúlùkù wa wá aláwàdà kan, ì báà ṣe abọ̀jú, ì báà ṣe òṣèré rédíò. Kí a tọrọ àyè lọ́wọ́ rẹ̀, kí a gba ohùn rẹ̀ sílẹ̀, kí a kọ ọ́ pẹ̀lú àmì ohùn, kí a sì kọ orúkọ rẹ̀ síbẹ̀ pé òun ló ni ín. Ní ti ẹlẹgbẹ́ wa tí a fi rẹ́rìn-ín, a bẹ̀ ọ́, má fi àkòrí rẹ sílẹ̀. Àwa ni a kò tètè mọ ibi tí ẹ̀rín yẹ.