Ta Ló Ni Fíìmù? Ọ̀rọ̀ lórí Kazuo Miyagawa

Nínú èdè Yorùbá, bí a bá sọ pé "ìwé Adé", ó lè jẹ́ ìwé tí Adé rà, ó lè jẹ́ èyí tí ó kọ, ó sì lè jẹ́ èyí tí a kọ nípa rẹ̀. Àpólà orúkọ náà kò sọ èyí tí ó jẹ́. Àyíká ọ̀rọ̀ ni ó ń là á yé ni. Ó yani lẹ́nu, nígbà náà, pé bí àwọn lámèyítọ́ bá ti sọ pé "fíìmù Kurosawa", ìtumọ̀ kan ṣoṣo ni wọ́n ń fún un: pé Kurosawa ni ó ṣe gbogbo rẹ̀. A kò gbà. Rashomon (1950) ni wọ́n sábà máa ń fi ti èrò yìí lẹ́yìn, òun gan-an ni ó sì tú u fó.

Ẹni tí ó ya fíìmù náà ni Kazuo Miyagawa, ọmọ Kyoto, tí a bí ní 1908, tí ó sì kú ní 1999. Inú igbó ṣíṣú ni ọ̀pọ̀ ìran rẹ̀ ti wáyé. Miyagawa fi dígí gba ìtànṣán oòrùn, ó sì darí rẹ̀ gba àárín ewé sí ojú àwọn òṣèré. Èèwọ̀ ni ọ̀pọ̀ ka kíkọ ojú kámẹ́rà sí oòrùn sí nígbà náà. Ó kọ ọ́ sí i. Nígbà tí fíìmù náà gba ẹ̀bùn gíga jù lọ ní Venice ní 1951, orúkọ Kurosawa ni ayé gbé lọ. Kurosawa fúnra rẹ̀ kò ṣe àìmoore: ó yin Miyagawa nínú ìwé tí ó kọ nípa ìgbésí ayé ara rẹ̀. Àwa olùkọ́ ni a gbójú fò ó.

Àwọn tí ó ń takò wá ní ẹ̀rí kan tí kò ṣeé fọwọ́ rọ́ sẹ́yìn. Nínú Ugetsu (1953), tí Mizoguchi darí, kámẹ́rà Miyagawa kì í sábà dúró. Orí ẹ̀rọ tí ń gbé e sókè sódò ni ó wà lọ́pọ̀ ìgbà, ó ń rìn bí ẹni ń tú àwòrán tí a ká bí ẹní. Nínú Ukigusa (1959), tí Ozu darí, ọwọ́ kan náà fi kámẹ́rà sí ìsàlẹ̀, kò mì. Ṣé kì í ṣe àṣẹ olùdarí nìyẹn? Òun ni. Ṣùgbọ́n ìmọ́lẹ̀ ńkọ́? Ẹ wo ìkùukùu orí adágún nínú Ugetsu, níbi tí ọkọ̀ ojú omi ti ń yọ jáde. Ẹ wá wo òjò nínú Ukigusa, níbi tí ọkùnrin àti obìnrin ti ń jà láti abẹ́ òrùlé ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀, tí ọ̀nà là wọ́n láàárín. Láti kékeré ni Miyagawa ti kọ́ fífi tàdáwà yàwòrán, níbi tí omi ti ń sọ dúdú kan di oríṣiríṣi àwọ̀ eérú. (Àwọn kan a ní ẹ̀jẹ̀ Japan ni ó fún un. Ẹ̀kọ́ ni ó kọ́ ọ.)

Iyàn parí nígbà tí a bá dé Otōto (1960). Kon Ichikawa fẹ́ kí àwọ̀ fíìmù náà jọ ti ayé Taishō tí ìtàn náà ti wáyé. Olùdarí lè fẹ́ bẹ́ẹ̀. Fífẹ́ kò di àwòrán. Miyagawa ni ó mọ̀ pé bí a bá fo ìpele tí a ti ń fi kẹ́míkà yọ fàdákà kúrò lára fíìmù aláwọ̀, fàdákà tí ó ṣẹ́kù yóò jẹ́ kí dúdú jinlẹ̀, àwọn àwọ̀ yòókù yóò sì ṣá. Níbo ni ó ti mọ̀ ọ́n? Yàrá tí wọ́n ti ń fọ fíìmù ní ilé-iṣẹ́ Nikkatsu ni ó ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní 1926, kí ó tó di ayafíìmù. Ọ̀nà tí ó jọ èyí ni Hollywood wá ń lò lẹ́yìn ọ̀pọ̀ ọdún, tí a ń pàtẹ́wọ́ fún wọn.

A kò ní kí a yọ orúkọ olùdarí kankan kúrò. Níbi tí a bá ti kọ Rashomon sínú ìlànà ẹ̀kọ́, kí orúkọ Miyagawa tẹ̀lé ti Kurosawa, kí a sì bi akẹ́kọ̀ọ́ léèrè nípa dígí inú igbó náà kí a tó bi í nípa èrò olùdarí.