Sátẹ́láìtì kún ojú ọ̀run, síbẹ̀ ìpẹ̀kun ayé kò tètè rí i lò

Nínú ọdún 1999, Dókítà Jerri Nielsen, ọmọ Amẹ́ríkà, rí kókó kan nínú ọmú rẹ̀. Òun nìkan ni dókítà tó wà ní Amundsen-Scott, ibùdó ìwádìí tí Amẹ́ríkà kọ́ sí ìpẹ̀kun gúúsù ayé gan-an. Àsìkò òtútù ni, òkùnkùn ti ṣú, bàálù kankan kò sì lè balẹ̀ níbẹ̀ títí di oṣù kẹwàá. Fúnra rẹ̀ ló fi abẹ́rẹ́ fa díẹ̀ nínú kókó náà. Orí sátẹ́láìtì ni wọ́n fi àwòrán rẹ̀ gbà dé Amẹ́ríkà, ibẹ̀ ni wọ́n sì ti sọ fún un pé jẹjẹrẹ ni. Ní oṣù keje, bàálù ju oògùn sílẹ̀ fún un látòkè. Ní oṣù kẹwàá ni wọ́n tó wá gbé e.

Ohun tí ọ̀pọ̀ èèyàn kò mọ̀ ni pé wákàtí díẹ̀ lóòjọ́ ni ibùdó yìí ń rí sátẹ́láìtì lò nígbà náà. Kí ló fà á? Púpọ̀ nínú sátẹ́láìtì tẹlifíṣọ̀n àti ti tẹlifóònù ló wà lókè ìlà agbedeméjì ayé, ní nǹkan bí 36,000 kìlómítà sókè, tí wọ́n ń bá ayé yí lọ́gbọọgba. Oríire tiwa ni èyí nílẹ̀ Yorùbá, nítorí a kò jìnnà sí ìlà náà. Díìṣì wa a gbójú sókè. Ní erékùṣù Svalbard, lábẹ́ Nọ́wè, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ pé ilẹ̀ ni díìṣì kọjú sí. Bí a bá wá dé ìpẹ̀kun ayé gan-an, ikùn ayé fúnra rẹ̀ ti bo sátẹ́láìtì mọ́lẹ̀. Àwọn arúgbó sátẹ́láìtì tí epo wọn ti ń tán, tí wọ́n ń yà sí àríwá, tí wọ́n tún ń yà sí gúúsù lójoojúmọ́, ni ibùdó náà ń ṣọ́ lò. Ìgbà tí wọ́n bá yà sí gúúsù ni wọ́n ń yọjú sí i.

Kì í ṣe ìmọ̀ ni kò sí o. Láti ọdún 1965 ni ìjọba Sófíẹ́ẹ̀tì ti ń fi sátẹ́láìtì Molniya ránṣẹ́ gba ọ̀nà gígùn kan tó ń pẹ́ lókè àríwá. Ní ọdún 1998, Iridium bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ pẹ̀lú sátẹ́láìtì 66 tó ń gba òkè ìpẹ̀kun méjèèjì kọjá. Owó ni ọ̀rọ̀ náà. Nǹkan bíi bílíọ̀nù 5 dọ́là ni wọ́n ná lé Iridium lórí, ó sì wọ gbèsè ní ọdún 1999. Wọ́n ti ń múra láti jẹ́ kí àwọn sátẹ́láìtì náà já bọ́ kí wọ́n jóná, kí àwọn kan tó fi mílíọ̀nù 25 dọ́là péré rà á ní ọdún 2000, tí iléeṣẹ́ ológun Amẹ́ríkà sì di oníbàárà ńlá fún wọn.

Lónìí, nǹkan ti ń yí padà. Starlink dé ibùdó McMurdo, létí òkun Antarctica, ní oṣù kẹsàn-án ọdún 2022. Ní oṣù kẹjọ ọdún 2024, Nọ́wè fi sátẹ́láìtì méjì ránṣẹ́ fún àríwá nìkan. Ológun Nọ́wè ní ẹ̀rọ tirẹ̀ lára wọn, ológun Amẹ́ríkà náà ní tirẹ̀, iléeṣẹ́ oníṣòwò Viasat sì wà níbẹ̀. Lóòótọ́, àwọn atukọ̀ tó ń gba òkun àríwá ń pọ̀ sí i bí yìnyín ti ń yọ́, ṣùgbọ́n lójú tiwa, ká ní kò sí ti àwọn ológun wọ̀nyí, owó tí atukọ̀ àti apẹja ń san kò lè gbé sátẹ́láìtì méjì yẹn kúrò nílẹ̀.