GBÈSÈ ILÉ: Ẹ KA ÈLÉ KÍ Ẹ TÓ TỌWỌ́ BỌ̀WÉ

Láàrin àwa Yorùbá, ilé ni ènìyàn fi ń fi ẹsẹ̀ múlẹ̀ láwùjọ. Ẹni tí ó kọ́ ilé ti ní ibi tí a ó máa bèèrè rẹ̀ sí, àwọn ọmọ rẹ̀ sì ti ní ibi tí wọn yóò máa tọ́ka sí pé, ilé bàbá wa nì yí. Nítorí náà kò yani lẹ́nu pé, nígbà tí owó ọwọ́ kò tó, ọ̀pọ̀ nínú àwọn ará wa ń tọ báńkì lọ láti yá owó tí wọn yóò fi kọ́ ilé tàbí tí wọn yóò fi ra ilé, tí wọ́n sì ń fi ilé náà gan-an dógò fún owó tí wọ́n yá. A kò kọ ọ̀rọ̀ yìí láti bá wọn wí. A kọ ọ́ nítorí a ti rí i pé púpọ̀ nínú wọn, àní àwọn tí wọ́n kàwé dáadáa, ni kò mọ iye tí ilé náà yóò ná wọn kí ó tó di tiwọn.

Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, ọ̀rẹ́ wa kan, oníṣòwò aṣọ, ẹni tí ẹnikẹ́ni kò lè fi kọ́bọ̀ kan rẹ́ jẹ lọ́jà, gbé àpò ìwé kan wá bá wa. Ó ti yá owó ilé tí yóò fi ogún ọdún san. Ó sì ti san án fún ọdún mẹ́wàá gbáko láìjẹ́ kí oṣù kan yẹ̀. Ọmọ rẹ̀ tí ó wà ní òkè òkun ti ṣe ìlérí pé òun yóò fi owó ránṣẹ́ kí bàbá òun lè san ìyókù gbèsè náà lẹ́ẹ̀kan. Ṣùgbọ́n nígbà tí ó bèèrè iye tí ó kù, iye tí wọ́n pè fún un fẹ́rẹ̀ẹ́ tó iye tí ó yá ní ọjọ́ kìíní. Ó ní, “Tíṣà, wọ́n ti jà mí lólè. Ẹ bá mi kọ ìwé sí wọn.” A jókòó tì í, a sì ṣe ìṣirò náà títí ilẹ̀ fi ṣú pátápátá. Ohun tí a rí bà wá nínú jẹ́ ju olè jíjà lọ: báńkì náà kò gba kọ́bọ̀ kan kọjá ohun tí ó wà nínú ìwé tí òun fúnra rẹ̀ tọwọ́ bọ̀. A kò rí ìwé kankan kọ sí ẹnikẹ́ni.

Kí a má baà tú àṣírí ọ̀rẹ́ wa, a ó fi iye tí ó rọrùn láti kà ṣe àpẹẹrẹ. Ká ní ènìyàn yá mílíọ̀nù mẹ́wàá náírà, tí èlé rẹ̀ jẹ́ 20 nínú 100 lọ́dún, tí yóò sì fi 20 ọdún san án ní iye kan náà lóṣooṣù. Iye tí yóò máa san lóṣù jẹ́ náírà 169,882. Ẹni tí ó gbọ́ iye yìí yóò wo owó tí ń wọlé fún un. Bí ó bá rí i pé agbára òun ká a, yóò rò pé ìṣirò ti parí. Kò tí ì parí. Kí ó ka iye náà ní ọ̀nà 240, èyí tí í ṣe iye oṣù tí ó wà nínú ogún ọdún, yóò sì rí i pé owó tí yóò ti ọwọ́ òun jáde lé ní mílíọ̀nù 40 àti ẹgbẹ̀rún lọ́nà 770 náírà. Mẹ́wàá ni ó yá. Ogójì àti jù bẹ́ẹ̀ lọ ni yóò san.

Àwọn bàbá wa mọ owó èlé kan tí wọ́n ń pè ní sogúndogójì, wọ́n sì fi orúkọ náà ṣe ìkìlọ̀ fún àwọn ọmọ wọn. Lóòótọ́ sogúndogójì kì í pẹ́ kí ó tó di ìlọ́po méjì, èyí sì ń fi ogún ọdún rìn. Ṣùgbọ́n sọ-mẹ́wàá-dogójì ni. Nítorí pé a gé e wẹ́wẹ́ sí oṣù 240, a kò rí bí ó ti tóbi tó, kò sì dẹ́rù bani.

Ẹ jẹ́ kí a wo bí ó ti ń rìn. Nínú owó tí a bá san lóṣù, èlé oṣù náà ni a kọ́kọ́ ń yọ. Ìyókù nìkan ni a fi ń dín ojú owó kù. Ní oṣù kìíní, èlé orí mílíọ̀nù mẹ́wàá náà jẹ́ náírà 166,667. Nínú 169,882 tí ẹni náà san, náírà 3,215 péré ni ó kan ojú owó. Ní òpin ọdún kìíní ó ti san ju mílíọ̀nù méjì lọ, gbèsè rẹ̀ sì ti fi nǹkan bí 42,000 dín. Ní òpin ọdún kẹwàá, nígbà tí ó rò pé òun ti dé ìdajì ọ̀nà, ó ti san ju mílíọ̀nù 20 lọ. Síbẹ̀ ohun tí ó kù ní ọrùn rẹ̀ jẹ́ nǹkan bí náírà 8,790,000. Ohun tí ó ṣẹlẹ̀ sí ọ̀rẹ́ wa nì yí. Ìdajì ọdún kì í ṣe ìdajì gbèsè.

Ẹ̀yin àgbà tí ẹ ń ka ìwé yìí gbọ́ nípa ìwọ̀fà lẹ́nu àwọn bàbá yín. Àlùfáà Samuel Johnson sì ṣàlàyé rẹ̀ nínú ìwé ìtàn Yorùbá tí ó kọ, èyí tí a tẹ̀ jáde ní ọdún 1921. Ẹni tí ó yá owó a fi ara rẹ̀ tàbí ọmọ rẹ̀ sin olówó. Iṣẹ́ tí ìwọ̀fà ń ṣe fún olówó ni èlé owó náà. Iṣẹ́ náà kì í dín ojú owó kù rárá. Ìbáà sìn ín fún ọdún mẹ́ta tàbí ọdún mẹ́tàlá, ọjọ́ tí a bá kó ojú owó sílẹ̀ pérépéré ni yóò tó bọ́. A kò sọ pé ẹni tí ó yá owó ilé di ìwọ̀fà. Òmìnira ni ó wà, ó sì ń gbé inú ilé tí ó fẹ́. Ṣùgbọ́n ní àwọn ọdún àkọ́kọ́, bí ọ̀ràn náà ti ń lọ jọra púpọ̀: iṣẹ́ ọwọ́ wa ń san èlé, ojú owó sì jókòó sí àyè rẹ̀. Ìyàtọ̀ kan wà tí ó yẹ kí ó dun àwa tí a lọ sí ilé ìwé. Ìwọ̀fà mọ̀ pé ojú owó ṣì wà níbẹ̀. Àwa kò mọ̀.

Ewu kejì ni èlé tí ń yí padà. Nínú ọ̀pọ̀ ìwé owó ilé ní Nàìjíríà, a kọ ọ́ pé báńkì lè fi kún èlé nígbà tí ọjà owó bá yí. Ní ọdún 2024 nìkan, Báńkì Àpapọ̀ Nàìjíríà gbé òṣùwọ̀n èlé rẹ̀ sókè láti 18.75 dé 27.50 nínú 100. Ẹ padà sí àpẹẹrẹ wa. Bí èlé ẹni náà bá kúrò ní 20 tí ó di 27 lẹ́yìn ọdún kìíní, èlé oṣù kan ṣoṣo yóò lé ní náírà 224,000. Náírà 169,882 tí ó ti ń san kò tilẹ̀ ní tó san èlé mọ́. Bí kò bá fi kún un, ńṣe ni gbèsè náà yóò máa ga sí i bí ó ti ń san án.

Kì í ṣe gbogbo owó ilé ni ó wúwo tó bẹ́ẹ̀. Òfin ọdún 1992 dá owó kan sílẹ̀ tí a ń pè ní National Housing Fund, èyí tí Federal Mortgage Bank of Nigeria ń ṣe àkóso rẹ̀. Òṣìṣẹ́ a máa dá 2.5 nínú 100 owó oṣù rẹ̀ sí i, a sì mọ̀ ọ́n mọ́ èlé 6 nínú 100 tí a lè fi tó 30 ọdún san. Mílíọ̀nù mẹ́wàá lórí irú èlé bẹ́ẹ̀ fún 30 ọdún jẹ́ náírà 59,955 lóṣù. Gbogbo rẹ̀ yóò sì jẹ́ nǹkan bí mílíọ̀nù 21 àti ẹgbẹ̀rún lọ́nà 580. Bí ó ti rọ̀ tó nì, ju ìlọ́po méjì ni. Bí ẹni kan náà bá lè san 84,386 lóṣù, ọdún 15 ni yóò fi parí rẹ̀, yóò sì san nǹkan bí mílíọ̀nù 15 àti ẹgbẹ̀rún lọ́nà 190. Ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún tí ó fi gùn sí i ni ó ná an ní ju mílíọ̀nù mẹ́fà lọ.

Níhìn-ín ni ìrètí wà. Ẹni tí èlé rẹ̀ jẹ́ 20 nínú 100, tí ó yẹ kí ó san 169,882 lóṣù, bí ó bá ń san 180,000 láti oṣù kìíní, tí báńkì sì gbà láti fi àfikún náà dín ojú owó kù, kì í ṣe oṣù 240 ni yóò fi san án mọ́, bí kò ṣe oṣù 158. Àfikún tí kò ju náírà 10,118 lọ lóṣù yóò gba ju ọdún mẹ́fà ààbọ̀ lọ́wọ́ gbèsè, yóò sì dá ju mílíọ̀nù 12 padà fún un. Owó tí a san ní kùtùkùtù ni ó ń pa èlé; èyí tí a san nígbà tí ó kù díẹ̀ kò ní ohun púpọ̀ láti pa mọ́. Àwọn tí ń dá àjọ tàbí èsúsú mọ bí a ti í fi díẹ̀ kún díẹ̀. Kí wọ́n lo ọgbọ́n náà fún gbèsè ilé wọn.

A mọ̀ pé àwọn kan yóò dá wa lóhùn. Wọn yóò ní náírà ń dínkù lágbára, àti pé 169,882 kò ní jẹ́ nǹkan ní ogún ọdún sí i. Òtítọ́ wà nínú rẹ̀ bí èlé kò bá yí padà, tí owó tí ń wọlé fún ẹni náà sì ń pọ̀ sí i. Ṣùgbọ́n a ti fi hàn pé èlé ń yí padà, gbogbo òṣìṣẹ́ ni ó sì mọ̀ bí owó oṣù ti í pẹ́ tó kí ó tó tẹ̀lé ọjà. Wọn yóò tún ní ẹni tí ó háyà ilé fún ogún ọdún kò ní bíríkì kan láti fi hàn fún un, àti pé ẹni tí ó ń kọ́ ilé díẹ̀díẹ̀ a máa rí i tí òjò ń ba ògiri rẹ̀ jẹ́ kí ó tó rí owó òrùlé. A gbà. A kò sọ pé kí ẹnikẹ́ni má ṣe yá owó ilé. Ohun tí a sọ ni pé ẹni tí yóò yá a, kí ó fi gbogbo iye rẹ̀ wé ọ̀nà mìíràn, kí ó má ṣe wo ti oṣù kan ṣoṣo. Kí ó sì ka owó agbẹjọ́rò, owó àwọn tí ń wọn ilẹ̀ tí ń díye lé ilé, owó ìbánigbófò, àti owó ìyọ̀ǹda Gómìnà, nítorí Òfin Lílo Ilẹ̀ ti ọdún 1978 kò jẹ́ kí a fi ilẹ̀ tí ó ní ìwé ìjọba dógò láìsí ìyọ̀ǹda náà.

Ẹ̀yin ọlọ́lá olóyè àti ẹ̀yin baálé, ọ̀rọ̀ kù tí ó kàn yín gbọ̀ngbọ̀n. Lẹ́yìn tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì gba Èkó ní ọdún 1861, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí fi ìwé ilẹ̀ fún àwọn onílé. Láìpẹ́ àwọn oníṣòwò bẹ̀rẹ̀ sí fi ìwé náà dógò fún ọjà àwìn. Nígbà tí ọjà epo kò sì lọ dáadáa mọ́, ilé ọ̀pọ̀ ènìyàn bọ́ sọ́wọ́ olówó. Ilé tí bàbá fi sílẹ̀ fún gbogbo ọmọ bá gbèsè ẹnì kan lọ. Lónìí, ọmọ kan lè wá sọ́dọ̀ yín pé kí ẹ fi ọwọ́ sí ìwé kí òun lè fi ilẹ̀ ẹbí yá owó. Àwọn ilé ẹjọ́ wa ti sọ ọ́ léraléra pé ẹnì kan nínú ẹbí kò lè dá a ṣe láìsí ìmọ̀ olórí ẹbí àti àwọn àgbà ẹbí. Ọwọ́ yín ni kọ́kọ́rọ́ náà wà. Àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́. Kí ẹ tó fi ọwọ́ sí i, ẹ pe gbogbo ẹbí jọ, kí a sì ka gbogbo iye náà sí etí wọn.

Nítorí náà, ohun mẹ́ta ni a ń bèèrè. Èkíní, kí olúkúlùkù tí yóò yá owó ilé bèèrè ìbéèrè mẹ́rin kí ó tó tọwọ́ bọ̀wé: èló ni gbogbo rẹ̀ yóò jẹ́, ǹjẹ́ èlé lè yí, èló ni yóò kù ní òpin ọdún kẹwàá, ǹjẹ́ mo lè san kún un láìsí ìtanràn. Èkejì, kí àwọn báńkì tí ń ṣòwò láàrin wa kọ ìdáhùn náà sórí ìwé kan ṣoṣo, ní èdè Yorùbá, ní iye tí ojú lè rí. Ẹni tí ó mọ bí a ti ń fi Yorùbá polówó ọjà rẹ̀ lórí rédíò kò lè sọ pé òun kò mọ bí a ti ń fi í ka gbèsè. Ẹ̀kẹta kan àwa olùkọ́: kí a kọ́ àwọn ọmọ ní ìṣirò yìí kí wọ́n tó fi ilé ìwé sílẹ̀. A ti ń kọ́ wọn ní èlé láti ọjọ́ pípẹ́, ṣùgbọ́n a kò fi ilé hàn wọ́n nínú rẹ̀.

Ogún ọdún ń bọ̀ wá ku ọ̀la. Ọ̀rẹ́ wa ń san tirẹ̀ lọ. Owó tí ọmọ rẹ̀ fi ránṣẹ́ ni ó fi gé ojú owó rẹ̀ kù, ó sì ti mọ ọjọ́ tí yóò parí rẹ̀ báyìí. Ó ní kí a sọ fún yín pé ìṣirò tí òun ṣe ní ọdún kẹwàá, kí ẹ̀yin ṣe é ní ọjọ́ kìíní.