Ojú Là Ń Wò, A Kò Tọ́jú Iṣẹ́

Ẹni tó bá gba ọ̀nà Ìbàdàn lọ sí Ilé-Ifẹ̀ kò ní ṣàì kọjá lórí omi Aṣèjìrẹ́ kí ó tó dé Ìkirè àti Àpòmù. Odò Ọ̀ṣun ni. Kí wọ́n tó sé e, ńṣe ló ń ṣàn lọ sí ọ̀sà, kò dúró de ẹnikẹ́ni. Ìgbà tí wọ́n sé e tán ni ará Ìbàdàn tó ń rí i mu nínú ilé rẹ̀. Odò kan náà ni. Sísé tí wọ́n sé e ló sọ ọ́ di ohun ìní. Bí ọ̀rọ̀ àwọn obìnrin tí ń ṣeré nínú fíìmù wa ṣe rí nìyẹn. Odò wà, kò sí ẹni tó sé e.

Ọ̀nà yìí kan náà ni a ń tọ̀ dé Iléṣà, níbi tí wọ́n ti bí Fúnmi Martins lọ́dún 1963. Èkó àti Ìbàdàn ló ti dàgbà. Lọ́dún 1993 ló bẹ̀rẹ̀ sí í ṣeré fíìmù, nínú Nemesis, èyí tí Fidelis Duker darí. Ó kópa lẹ́yìn náà nínú Ẹ̀tọ́ Mi, Pẹ̀lúmi àti ọ̀pọ̀ mìíràn. Ní ọjọ́ 6 oṣù Karùn-ún, ọdún 2002, ọkàn rẹ̀ dáṣẹ́ sílẹ̀, ó sì kú láìtíì pé ẹni ogójì ọdún. Ọdún 9 péré ni gbogbo iṣẹ́ náà.

Ẹ dárúkọ rẹ̀ fún àgbàlagbà tó wo fíìmù lásìkò náà. Yóò rẹ́rìn-ín músẹ́, yóò ní, "Áà, arẹwà obìnrin yẹn!" Ẹ wá ní kó dárúkọ fíìmù mẹ́ta tó ṣe, kó sì sọ irú ẹni tó jẹ́ nínú ọ̀kọ̀ọ̀kan. Ẹnu rẹ̀ yóò wọhò. Ojú ni a rántí. Iṣẹ́ tó fi ojú náà ṣe ti bọ́ lọ́wọ́ wa. Ẹ̀sùn tí mo fi kan gbogbo wa nìyí, n kò sì yọ ara mi sílẹ̀.

Ẹ̀ṣẹ̀ náà ti pẹ́. Nínú eré àwọn alárìnjó, ọkùnrin ló ń gbé ẹ̀wù obìnrin wọ̀ láti ṣe bí obìnrin. Lọ́dún 1946, nígbà tí Hubert Ògúńdé fẹ́ gbé Tiger's Empire jáde, ó polówó pé òun ń wá obìnrin tí yóò máa gbowó iṣẹ́ fún eré ṣíṣe. Ojú burúkú ni ọ̀pọ̀ òbí fi wo irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ fún ọmọbìnrin wọn. Nígbà tó yá, Ògúńdé ń fi àwọn òṣèrébìnrin rẹ̀ ṣaya, kí ẹgbẹ́ má baà tú. Ẹ rò ó wò: kí obìnrin tó lè ṣe iṣẹ́ tó mọ̀ ọ́n ṣe láìgba èébú, àfi kó kọ́kọ́ di ìyàwó ọ̀gá!

Àwọn kan yóò sọ pé àṣà Yorùbá ni kò fẹ́ kí obìnrin ṣeré lójú agbo. Irọ́ ni. Ta ló ń sun ẹkún ìyàwó? Ta ló ń ki oríkì ilé ní ìta gbangba, tí ọkàn àwọn ọkùnrin fi ń wú? Ta ló ń pe Ṣàngó lójúbọ, tí àgbààgbà fi ń dọ̀bálẹ̀? Àwọn ìyá wa ni. Àṣà kọ́ ló ṣe é. Àwa la fẹ́ jẹ adùn iṣẹ́ náà, tí a kò fẹ́ bu ọlá fún ẹni tó sè é.

Àwọn ará Íńdíà, tí a wo fíìmù wọn ní ilé sinimá fún ọ̀pọ̀ ọdún, kò sàn jù wá lọ níbẹ̀rẹ̀. Nínú Raja Harishchandra tí wọ́n ṣe lọ́dún 1913, ọkùnrin ló ṣe ayaba, nítorí obìnrin kò gbà láti ṣe é. Nargis, tí wọ́n bí lọ́dún 1929, jẹ́ ọmọ Jaddanbai, tó wá láti ìran àwọn obìnrin akọrin tí àwùjọ ń fojú tín-ín-rín. Obìnrin yìí ló ṣe ìyá nínú Mother India lọ́dún 1957, fíìmù tí àwọn ará Àríwá wa wò títí tí wọ́n fi mọ̀ ọ́n sórí. Ní 1958 ìjọba fi oyè Padma Shri dá a lọ́lá. Ní 1980 ó wọ ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin àgbà. Ní 1981 ó kú. Wọ́n fi orúkọ rẹ̀ pe ẹ̀bùn fíìmù kan, wọ́n sì yọ orúkọ náà kúrò lọ́dún 2024. Ìjọba lè fi oyè fúnni, ó sì lè gbà á padà. Ṣùgbọ́n kò sí ẹni tó lè yọ Nargis kúrò nínú Mother India, nítorí fíìmù náà wà.

Ẹ̀kọ́ tó wà níbẹ̀ nìyẹn. Alam Ara, fíìmù Íńdíà àkọ́kọ́ tó ń sọ̀rọ̀, tí wọ́n ṣe lọ́dún 1931, ti sọnù pátápátá. Àwọn tó mọ irú àdánù bẹ́ẹ̀ dá ilé ìtọ́jú fíìmù sílẹ̀ ní Pune lọ́dún 1964. Àwa náà ní ọ̀kan ní Jos. Ṣùgbọ́n mélòó nínú fídíò Yorùbá àwọn ọdún 1990 ló dé ibẹ̀? Orí káṣẹ́ẹ̀tì ni wọ́n wà, ooru àti ọ̀rinrin sì ń jẹ káṣẹ́ẹ̀tì. Àìmọye ilé ni wọ́n ti gba ìyàwó ọmọ lé fíìmù lórí.

Ẹlòmíràn yóò ní fídíò ìgbà náà kò dára tó ohun tí à ń tọ́jú. Ta ló fi wá ṣe adájọ́? Ọmọ tó bá fẹ́ mọ ohun tí Yorùbá rò nípa obìnrin, owó àti ìgbéyàwó lópin ọ̀rúndún tó kọjá yóò nílò wọn, èyí tó dára àtèyí tí kò dára. Ẹlòmíràn yóò ní Mídé Martins ọmọ rẹ̀ náà di òṣèré, nítorí náà orúkọ kò parun. Mo dúpẹ́ pé ó rí bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n a kì í di ẹrù àwùjọ lé ọmọ kan lórí.

Ohun tí mo ń béèrè kò pọ̀. Kí ẹni tó ni fíìmù fi ẹ̀dà kan pamọ́ síbi tí ará ìlú lè rí i. Kí yunifásítì ilẹ̀ Yorùbá kọ orúkọ gbogbo ẹni tó kópa sílẹ̀, àti ohun tí wọ́n ṣe. Kí ẹni tí káṣẹ́ẹ̀tì àtijọ́ wà nísàlẹ̀ bẹ́ẹ̀dì rẹ̀ gbé e jáde, kí wọ́n ṣe ẹ̀dà rẹ̀ kó tó jẹrà. Bí òṣèré bá kú, à ń sọ pé a ti pàdánù. Àdánù tí ikú fà kò sí lọ́wọ́ wa. Èyí tó tẹ̀ lé e, ọwọ́ wa ló wà. Odò kì í sé ara rẹ̀.